Mo fẹ́ kó gémù àti ibi tí mo gbá wọn dé lọ sórí láptọ́ọ̀pù tuntun, láìtún dáńlódù

BabaIbeji_Ib

Ẹ kú ilé o, ẹ̀yin ará. Ìbéèrè kan ni mo gbé wá, ẹ má bínú bó bá gùn.

Láptọ́ọ̀pù mi àtijọ́, Windows 10, háàdì dísìkì 500 GB, ti ń rọ́jú. Microsoft náà ti dáwọ́ àtìlẹ́yìn Windows 10 dúró láti ọjọ́ 14 oṣù kẹwàá ọdún 2025, ni mo bá kúkú ra òmíràn. Tòkúnbọ̀ ni, Windows 11 ló wà lórí rẹ̀, SSD 256 GB. Àwọn gémù tí mo fẹ́ kó lọ nìyí: Football Manager 2024, FM (orí Steam, ilé ìtajà gémù orí íntánẹ́ẹ̀tì, ni mo ti rà á), GTA V (Steam náà ni), PES 2017, GTA San Andreas, Minecraft àwọn ìbejì, àti àwọn gémù PSP tí mo ń fi PPSSPP, ètò tó ń jẹ́ kí kọ̀ǹpútà ṣí gémù PSP, gbá.

Dátà ló ń bà mí lẹ́rù. GTA V nìkan lé ní 100 GB. Ta ló fẹ́ fi owó oúnjẹ ilé ra dátà? Ṣùgbọ́n èyí tó ká mi lára jù ni FM. Ìpele kẹfà ní England ni mo ti gbé ẹgbẹ́ mi, mo sì ti gbé e dé Champions League. Ọdún 2041 la wà nínú gémù. Bí ìyẹn bá sọnù, ẹ má pè mí mọ́.

Ọkùnrin tó ta láptọ́ọ̀pù náà ní kí n gbé méjèèjì wá, òun á bá mi kó gbogbo rẹ̀. Ọkàn mi ò balẹ̀ sí i. Ẹ gbà mí nímọ̀ràn.

KondoGT

Ẹ̀gbọ́n, ẹ kàn fi àkáǹtì Steam yín wọlé sórí tuntun, gbogbo ẹ̀ á padà wá fúnra ẹ̀. Cloud wà níbẹ̀, ó ń tọ́jú ibi tí èèyàn gbá gémù dé sórí íntánẹ́ẹ̀tì. Kí la tún ń pariwo lé lórí?

TisaKomputa

Kondo, rọra. Ohun méjì ni Bàbá Ìbejì béèrè, ìdajì ọ̀kan lo dáhùn. Gémù fúnra rẹ̀ lọ́tọ̀, ibi tí èèyàn gbá a dé lọ́tọ̀. Gémù tó bá sọnù, dátà ló máa jẹ. Séèfù, ìyẹn fáìlì ibi tí èèyàn gbá a dé, tó bá sọnù, kò sí ibi tí wọ́n ti ń tà á.

Cloud tí o sọ, kì í ṣe gbogbo gémù ló ní in. Lọ sí Library nínú Steam, ṣí ojú ewé gémù náà: èyí tó bá ní in, wàá rí Cloud Status níbẹ̀, á sì sọ fún ọ bóyá ó ti "Up to date". FM wá tún yàtọ̀. Nígbà tí o bá ń séèfù, ìwọ fúnra rẹ lo máa yàn án pé kó lọ sí cloud. Bí o ò bá yàn án, orí kọ̀ǹpútà rẹ ló jókòó sí, Steam ò sì mọ̀ pé ó wà. PES 2017 tí kò ti ọ̀dọ̀ Steam wá àti San Andreas àtijọ́, kí ẹnikẹ́ni má retí cloud níbẹ̀.

Bàbá Ìbejì, ẹ kú oríire. Ẹ má tíì fọ́mátì ti àtijọ́, ẹ má sì gbé e fún ọkùnrin yẹn. Ẹni tí kì í gbá gémù á kó Documents àti àwọn fọ́tò yín, á ní òun ti parí. Àwọn séèfù kì í gbé ojú kan. Ibi tí tiyín wà nìyí:

FM 2024: Documents\Sports Interactive\Football Manager 2024\games. Àwọn fáìlì tó parí sí .fm ni.

GTA V: Documents\Rockstar Games\GTA V\Profiles. (Ti Online ò sí níbẹ̀ o, ọ̀dọ̀ Rockstar nìyẹn ń gbé, ẹ ò ní kó nǹkan kan.)

PES 2017: Documents\KONAMI\Pro Evolution Soccer 2017\save.

San Andreas: Documents\GTA San Andreas User Files. Ẹ máa rí GTASAsf1.b, GTASAsf2.b, títí lọ dé 8.

Minecraft, bó bá jẹ́ Java: ẹ tẹ Windows pọ̀ mọ́ R, ẹ kọ %appdata%\.minecraft\saves síbẹ̀. Ayé kọ̀ọ̀kan tí àwọn ọmọ kọ́ ní fódà tirẹ̀.

PPSSPP: inú fódà PSP, níbi SAVEDATA.

Gbogbo fódà ni kí ẹ kó, ẹ má wulẹ̀ máa ṣa fáìlì níkọ̀ọ̀kan. Fódà Minecraft tí ẹ bá mú level.dat níbẹ̀ tí ẹ fi region sílẹ̀, àwọn ìbejì á wọlé bá ilẹ̀ tí ẹnikẹ́ni ò tíì kọ́ nǹkan kan sí. Ẹkún ọjọ́ yẹn, ẹ̀yin lẹ máa rẹ̀ wọ́n.

BabaIbeji_Ib

Tíṣà, ẹ ṣeun púpọ̀. Mo rí ti FM, mo rí ti PES. Ti Minecraft ló rú mi lójú: mo wá AppData nínú fódà orúkọ mi, mi ò rí i rárá, àfìgbà tí mo kọ ọ́ síbi tí ẹ sọ yẹn ló ṣí. Ṣé bí wọ́n ṣe ń fi pamọ́ nìyẹn?

TisaKomputa

Bẹ́ẹ̀ ni, Windows ló ń fi í pamọ́. Nínú File Explorer ti Windows 11, ẹ tẹ View, lẹ́yìn náà Show, kí ẹ wá fi àmì sí Hidden items. Ẹ máa bá fódà mẹ́ta nínú AppData: Local, LocalLow, àti Roaming. %appdata% tí ẹ kọ yẹn, Roaming ló ń gbé yín lọ. Gémù kéékèèké púpọ̀, pàápàá èyí tí wọ́n fi Unity, ètò ìṣe gémù, ṣe, LocalLow ni wọ́n máa ń sá sí. Àwọn mìíràn wà ní fódà kan tó ń jẹ́ Saved Games lẹ́gbẹ̀ẹ́ Documents. Èyí tó bá wá ní ìwà tirẹ̀ pátápátá, inú fódà gémù náà gan-an ló ń kọ séèfù rẹ̀ sí.

Gémù tí n kò bá mọ ibi tó ń fi tirẹ̀ sí, ojú òpó PCGamingWiki ni mo máa ń yẹ̀ wò. Ẹ kọ orúkọ gémù, ẹ wo apá tí wọ́n pè ní "Save game data location". Ẹni tí gémù rẹ̀ bá pọ̀, ètò kan tó ń jẹ́ Ludusavi wà, ọ̀fẹ́ ni. Òun fúnra rẹ̀ á wá gbogbo séèfù tó bá mọ̀ lórí kọ̀ǹpútà, á kó wọn jọ síbi kan. Lórí tuntun, ẹ ní kó dá wọn padà.

AduniLeeds

Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má gbàgbé àwa tí à ń gbá Sims o! Leeds ni mo wà, dátà kì í ṣe ìṣòro mi níbí, ṣùgbọ́n ìdílé kan ni mo ti ń tọ́ bọ̀ nínú Sims 4, wọ́n ti di ìran kẹsàn-án. Ìyá ńlá wọn ní ṣọ́ọ̀bù aṣọ òkè. Ẹ má rẹ́rìn-ín.

Documents\Electronic Arts\The Sims 4 ni gbogbo rẹ̀ wà. saves ni ibi tí a bá a dé. Mods ni aṣọ, irun àti gèlè tí a kó wá láti ìta. Tray ni àwọn ilé àti ènìyàn tí a tọ́jú sí àkójọ wa. Ẹni tó bá kó saves tó fi Mods sílẹ̀, ìdílé rẹ̀ á jáde pẹ̀lú orí pípá àti aṣọ tí kò mọ̀ rí. Mo ti rí obìnrin kan tó fi ọjọ́ Sátidé odindi wọ ẹbí rẹ̀ láṣọ padà.

Bí mo ṣe ṣe tèmi: mo fi gémù sórí kọ̀ǹpútà tuntun, mo ṣí i lẹ́ẹ̀kan kó lè dá fódà tirẹ̀, mo tì í, mo wá gbé fódà tèmi lé e lórí. Mo pa fáìlì kan tó ń jẹ́ localthumbcache.package rẹ́. Kò léwu, gémù á ṣe òmíràn fúnra rẹ̀. Lẹ́yìn náà mo lọ sí Game Options, níbi Other, mo tan Enable Custom Content and Mods àti Script Mods Allowed, nítorí pé lórí kọ̀ǹpútà tuntun wọ́n máa ń wà ní pípa. Mo tì í, mo tún un ṣí. Ìyá ńlá jáde pẹ̀lú gèlè rẹ̀.

Jagunlabi

Ẹ kú ìjókòó. Kò sẹ́ni tó tíì sọ̀rọ̀ fláàṣì, bẹ́ẹ̀ ibẹ̀ ló ti máa ń bàjẹ́.

Púpọ̀ nínú fláàṣì tí à ń rà lọ́jà, FAT32, ọ̀nà àtijọ́ kan tí wọ́n fi ń to fáìlì, ni wọ́n fi ń wá. FAT32 ò lè gba fáìlì kan ṣoṣo tó bá tó 4 GB. Fláàṣì 128 GB lè ṣófo gbáú, Windows á ṣì máa sọ pé fáìlì yìí tóbi jù. Gémù òde òní púpọ̀ ní irú fáìlì bẹ́ẹ̀. Ẹ fi bọ́tìnnì ọ̀tún ti máòsì tẹ fláàṣì náà, ẹ yan Format, ẹ mú exFAT. Ohun tó bá wà lórí rẹ̀ á pa rẹ́ o, ẹ kọ́kọ́ kó o kúrò.

Èkejì, ẹ wo ihò tí ẹ ń kì í bọ̀. Ihò USB 2.0 ò kọjá 480 Mbps, USB 3.0 dé 5 Gbps. Ọ̀pọ̀ ìgbà, èyí tó yára ló ní àwọ̀ búlúù nínú. Bí fláàṣì fúnra rẹ̀ bá jẹ́ ayédèrú, búlúù ò ní gbà yín. Lọ́jà wa, ẹ máa rí èyí tí wọ́n kọ 1 TB sí lára, tó sì jẹ́ pé nǹkan tí ẹ bá kó kọjá iye tó lè gbà gan-an, ìdọ̀tí lẹ máa bá níbẹ̀. Ìdí nìyí tí mo fi máa ń ṣí fáìlì wò lórí fláàṣì kí n tó gbà pé ó débẹ̀.

OmoOlode

Iṣẹ́ àtúnṣe láptọ́ọ̀pù ni mo ń ṣe l'Óṣogbo. Kí lẹ wá ń fi fláàṣì dà rú fún? Ẹ tú háàdì dísìkì àtijọ́ jáde, ẹ ra ilé rẹ̀ oní-USB, ti 2.5 inch, kò wọ́n. Ẹ tì í bọnú rẹ̀, ẹ so ó mọ́ tuntun, ó parí. Gbogbo GB 500 yẹn wà níbẹ̀. Bí wọ́n ṣe ń gbé láptọ́ọ̀pù tí iná ti jẹ bọ́ọ̀dù rẹ̀ wá fún mi náà nìyẹn: láptọ́ọ̀pù ti kú, dísìkì ò kú, mo tú u, mo bá wọn gbé nǹkan wọn jáde.

Steam pàápàá lè lò ó láti ibẹ̀. Settings, Storage, ẹ fi dísìkì náà kún un, á rí àwọn gémù tó wà lórí rẹ̀. SSD 256 GB tí Bàbá Ìbejì rà ò lè gba GTA V àti àwọn yòókù kó tún mí délẹ̀, nítorí náà òde ni kí ẹ fi àwọn tó tóbi sí.

TisaKomputa

Ọ̀gá Ọlọ́dẹ, mo fara mọ́ ọn fún láptọ́ọ̀pù tó ti kú. Fún èyí tó ṣì ń tàn, ẹ jẹ́ ká kọ́kọ́ ṣe ẹ̀dà séèfù síbòmíràn. Dísìkì tí Bàbá Ìbejì fúnra wọn sọ pé láptọ́ọ̀pù rẹ̀ ń rọ́jú, ẹ tún fẹ́ máa gbé e káàkiri nínú àpò? Dísìkì tó ń yí nínú ò fẹ́ kí wọ́n máa mì í. Gbogbo séèfù tí wọ́n dárúkọ pọ̀, bóyá ni yóò kún fláàṣì kékeré.

Ohun kejì ni BitLocker, ètò Windows tó ń fi kọ́kọ́rọ́ ti dísìkì. Láptọ́ọ̀pù òde òní púpọ̀, pàápàá tó bá jẹ́ pé àkáǹtì Microsoft lẹ fi wọlé, ti tì dísìkì rẹ̀ pa láìjẹ́ pé ẹ mọ̀. Ẹ tú u jáde, ẹ so ó mọ́ òmíràn, á béèrè kọ́kọ́rọ́ onínọ́ńbà 48. Inú àkáǹtì Microsoft yín ni kọ́kọ́rọ́ náà máa ń wà, lójú ewé àwọn ẹ̀rọ yín. Ẹ lọ kọ ọ́ sílẹ̀ nígbà tí láptọ́ọ̀pù ṣì ń tàn.

OmoOlode

Ti BitLocker yẹn, òótọ́ ọ̀rọ̀ ni. Oníbàárà kan gbé tirẹ̀ wá, kò rántí páwọ́ọ̀dù ímeèlì rẹ̀, kò rántí nọ́ńbà fóònù tó fi ṣí i. Dísìkì wà lọ́wọ́ mi, ara rẹ̀ le, mi ò lè ṣe nǹkan kan fún un.

Bẹ́ẹ̀ náà ni, bí ẹ bá so dísìkì àtijọ́ tí ẹ wọ Users, Windows lè ní ẹ ò ní àṣẹ. Ẹ tẹ Continue, ẹ dúró díẹ̀, á ṣí.

KondoGT

Ẹ̀gbọ́n Tíṣà, ó dáa, a ti gbọ́ ti séèfù. GTA V tó lé ní 100 GB ńkọ́? Ṣé a ò ní dáńlódù ẹ̀ báyìí?

TisaKomputa

Ọ̀nà méjì ló wà tí dátà ò ní lọ.

Àkọ́kọ́: láptọ́ọ̀pù méjèèjì lórí nẹ́tíwọ́ọ̀kì kan náà. Láti ọdún 2023 ni Steam ti ń jẹ́ kí kọ̀ǹpútà kan gba gémù lára èkejì nínú ilé. Ẹ ṣí Steam lórí méjèèjì, àkáǹtì kan náà, ẹ lọ sí Settings, Downloads, ẹ rí i pé Game File Transfer over Local Network wà ní títàn. Lórí tuntun, ẹ tẹ Install. Bí ó bá rí i pé àtijọ́ ní gémù náà, ọ̀dọ̀ rẹ̀ ló ti máa fà á. Kò pọn dandan kí ẹ ní Wi-Fi ilé. Ẹ tan hotspot fóònù, ẹ so méjèèjì mọ́ ọn, fáìlì á gba inú fóònù kọjá láti ọ̀kan sí èkejì, kò ní jáde sórí íntánẹ́ẹ̀tì. Dátà díẹ̀ tí Steam fi ń wo àkáǹtì ló máa lọ. Àwọn fóònù kan kì í jẹ́ kí ẹ̀rọ méjì tó so mọ́ wọn rí ara wọn. Bó bá rí bẹ́ẹ̀, ẹ yá fóònù ẹlòmíràn, tàbí kí ẹ fi wáyà nẹ́tíwọ́ọ̀kì so láptọ́ọ̀pù méjèèjì.

Bí gémù àtijọ́ bá ti pẹ́ tí ẹ ò fún un ní àtúnṣe tuntun, apá tó yàtọ̀ ni Steam máa lọ mú níta. Ẹ fojú sí i kó má lọ mú nǹkan tí ẹ ò rò tì.

Ìkejì: ẹ wọ Program Files (x86)\Steam\steamapps\common, ẹ kó fódà gémù náà sórí dísìkì oní-USB, ẹ gbé e sí irú ibẹ̀ gan-an lórí tuntun. Ẹ wá tẹ Install. Steam á ní òun ń wo àwọn fáìlì tó ti wà nílẹ̀, á kà wọ́n, yóò sì mú kìkì èyí tó bá kù. Àwọn kan á sọ fún yín pé kí ẹ lo ibi Back Up tí Steam fúnra rẹ̀ ní. Ó ń ṣiṣẹ́, ṣùgbọ́n ó lọ́ra, kì í sì í kó séèfù tó wà ní Documents tàbí AppData. Èmi ò fẹ́ràn rẹ̀.

Jagunlabi

Kí ẹ fi kún un: ẹ ṣe é nígbà tí iná bá wà, tàbí kí ẹ rí i pé bátìrì méjèèjì kún. 100 GB lórí hotspot, wákàtí gidi ni.

BabaIbeji_Ib

Mo ti padà o. Ìròyìn wà.

Hotspot ìyàwó mi la lò, tèmi ò jẹ́ kí wọ́n rí ara wọn. Ó bẹ̀rẹ̀ lálẹ́, nígbà tí a jí, GTA V ti wọlé. Mo wo dátà tó lọ, kò tó nǹkan. Tíṣà, Ọlọ́run á bù kún yín.

Minecraft ṣí, ilé àwọn ìbejì wà níbẹ̀ pẹ̀lú àgùntàn gbogbo. San Andreas pẹ̀lú. PES 2017 kọ́kọ́ kọ̀ láti ṣí, ó ní MSVCP140.dll kò sí.

Ṣùgbọ́n FM! Mo gbé fódà náà sí Documents bí ẹ ṣe wí. Mo ṣí gémù, mo tẹ Load Game, kò sí nǹkan kan níbẹ̀. Fáìlì wà nínú fódà, mo ń fi ojú mi rí i, gémù ò rí i. Àyà mi ń já.

TisaKomputa

Ẹ fara balẹ̀, kò sọnù. Ẹ ṣí File Explorer, ẹ fi bọ́tìnnì ọ̀tún tẹ Documents ní apá òsì, Properties, Location. Kí lẹ rí níbẹ̀?

Ti PES: Visual C++ Redistributable ni kò sí lórí tuntun, ọ̀fẹ́ ni lọ́dọ̀ Microsoft. Ẹ fi x86 àti x64 méjèèjì sí i.

BabaIbeji_Ib

Ó kọ C:\Users\ orúkọ mi \OneDrive\Documents. Èmi ò sì fi OneDrive sí i o!

TisaKomputa

Bẹ́ẹ̀ ló máa ń rí. Bí ẹ bá fi àkáǹtì Microsoft ṣètò Windows 11, ó lè gbé Documents yín sábẹ́ OneDrive, ibi ìtọ́jú fáìlì Microsoft lórí íntánẹ́ẹ̀tì. Documents méjì lẹ wá ní: inú èyí tó wà ní C:\Users tààrà lẹ gbé fódà sí, FM sì ń wo ti OneDrive. Ẹ kó fódà Sports Interactive bọ́ síbẹ̀, kí gémù wà ní títì nígbà tí ẹ bá ń kó o. PES àti San Andreas náà, ẹ yẹ̀ wọ́n wò bóyá wọn ò ti dá fódà tuntun sílẹ̀ níbẹ̀.

Ẹ ṣọ́ra fún ohun kan. 5 GB ni OneDrive ń fúnni lọ́fẹ̀ẹ́. Bí ẹ bá ní àwọn fọ́tò ojú agbábọ́ọ̀lù nínú fódà graphics ti FM, á kún kíá, á sì máa fi dátà yín gbé wọn lọ sókè. Nínú ètò OneDrive, níbi Manage backup, ẹ lè pa ti Documents.

BabaIbeji_Ib

Ó TI ṢÍ! Ọdún 2041, mo bá ìpàdé oníròyìn tí mo sá fún tẹ́lẹ̀ nílẹ̀. PES náà ti ń ṣiṣẹ́.

Àwọn fọ́tò ojú yẹn gan-an ni mo fẹ́ béèrè. Mo ń kó wọn lọ báyìí, Windows ní ó ku wákàtí mẹ́rin. Wọn ò sì tóbi tó GTA V rárá!

Jagunlabi

Iye fáìlì ló fà á, kì í ṣe títóbi. Ẹgbẹẹgbẹ̀rún fọ́tò kéékèèké ni, dísìkì àtijọ́ á sì máa wá wọn ní ọ̀kọ̀ọ̀kan. Ẹ fi 7-Zip di gbogbo fódà graphics sí fáìlì kan lórí àtijọ́, níbi Compression level kí ẹ yan Store, torí fọ́tò kì í fún pọ̀ mọ́. Ẹ gbé fáìlì kan yẹn lọ, ẹ tú u lórí tuntun. Dídì náà á gba àkókò tirẹ̀, ṣùgbọ́n fláàṣì ò ní rọ́jú mọ́.

Sisi_Ondo

Ẹ ṣeun fún ìjíròrò yìí. Èmi gbẹ́kẹ̀ lé cloud Steam fún Stardew Valley, mo ṣí i lórí kọ̀ǹpútà tuntun, ó gbé àpótí kan wá pé séèfù orí kọ̀ǹpútà àti ti cloud kò bára mu, kí n yan ọ̀kan. Mi ò tíì tẹ nǹkan kan. Èwo ni kí n mú?

TisaKomputa

O ṣe dáadáa tí o ò tẹ ẹ́. Wo ọjọ́ àti àkókò tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ méjèèjì. Bí ti kọ̀ǹpútà bá jẹ́ ti òní, tó sì jẹ́ pé ṣe lo kàn ṣí gémù wò, òfìfo nìyẹn, ti cloud ni kí o mú. Bí ti cloud bá wá pẹ́ ju ìgbà tí o gbá a kẹ́yìn lọ, á jẹ́ pé kọ̀ǹpútà àtijọ́ ò rí nẹ́tíwọ́ọ̀kì gbé tuntun lọ. Fagi lé e, padà sórí àtijọ́, ṣí Steam, jẹ́ kó wà lórí íntánẹ́ẹ̀tì títí Cloud Status á fi sọ pé Up to date.

Kí o tó yan èyíkéyìí, ṣe ẹ̀dà %appdata%\StardewValley\Saves láti orí àtijọ́. Oko kọ̀ọ̀kan ní fódà, orúkọ àgbẹ̀ rẹ àti nọ́ńbà ló wà lára rẹ̀. Bí o bá wá ṣìyàn, oko rẹ ṣì wà lọ́wọ́.

Sisi_Ondo

Ti cloud ni mo mú, ọjọ́ ọ̀sẹ̀ tó kọjá ló wà lára rẹ̀. Oko mi wà níbẹ̀. Ẹ ṣé gan-an, Tíṣà.

BabaIbeji_Ib

Ó ku PPSSPP. Mo kó SAVEDATA, àwọn gémù rí i. Ṣùgbọ́n mo ní àwọn kan tí mo fi Save State tọ́jú, ọ̀kan nínú wọn kọ̀ láti ṣí.

Jagunlabi

Ìyẹn wà ní fódà PPSSPP_STATE, wọ́n parí sí .ppst. Ẹ wo bóyá ẹ kó fódà náà. Bó bá wà níbẹ̀ tó sì ń kọ̀, ẹ wo ẹ̀dà PPSSPP tó wà lórí méjèèjì. State ń ya gbogbo ìrántí gémù bó ṣe wà ní ìṣẹ́jú yẹn, ẹ̀dà tó bá yàtọ̀ lè má lè kà á. SAVEDATA kò ní wàhálà yẹn, gémù fúnra rẹ̀ ló kọ ọ́. Ẹ ṣí state náà lórí àtijọ́, ẹ séèfù láti inú gémù, ẹ tún SAVEDATA kó. Ọ̀nà kan náà ni mo ń gbà gbé tèmi láti fóònù Android wá sórí kọ̀ǹpútà, ó ń ṣiṣẹ́ lọ-bọ̀.

BabaIbeji_Ib

Ó ti tán. Àbúrò ìyàwó mi fẹ́ gba láptọ́ọ̀pù àtijọ́. Kí ni kí n ṣe kí n tó gbé e fún un?

TisaKomputa

Ẹ fi FM gbá ìfẹsẹ̀wọnsẹ̀ kan lórí tuntun, ẹ séèfù, ẹ tì í, ẹ tún un ṣí. Ẹ ṣe bẹ́ẹ̀ fún gémù kọ̀ọ̀kan. Ẹ fi ẹ̀dà séèfù kan sí Google Drive, 15 GB ọ̀fẹ́ ló ní. Lẹ́yìn náà, ẹ jáde kúrò nínú Steam lórí àtijọ́, ẹ wá lọ sí Reset this PC nínú Settings, ẹ yan Remove everything, ẹ tan Clean data. Á pẹ́ lórí háàdì dísìkì, ẹ fi wáyà iná sí i.

KondoGT

Ẹ̀gbọ́n, ìbéèrè kékeré kan. Ṣé mo lè gbé FM orí kọ̀ǹpútà mi sórí fóònù, kí n máa gbá a nínú bọ́ọ̀sì?

Jagunlabi

Rárá. FM Mobile, gémù mìíràn ni, séèfù wọn ò bára mu. Bí o bá ní dátà tó pọ̀, Steam Link á fi ojú kọ̀ǹpútà ilé hàn ọ́ lórí fóònù, kọ̀ǹpútà náà gbọ́dọ̀ wà ní títàn nílé.

KondoGT

Pẹ̀lú iná àdúgbò wa? Ẹ gbàgbé ẹ̀.